Ejò àti Ẹyin Kan

Ọdún mẹ́tàdínlógún ni Ṣuwébù fi kọ eré
fún tẹlifíṣàn n'Ílọrin.
Ẹ̀yìn ìwé ìdánwò tó ti máàkì tán ló ń kọ ọ́ sí;
lẹ́yìn ibi tọ́mọ kan ti gba méjì nínú mẹ́wàá
ni olorì ti kọ́kọ́ sunkún.

Wọ́n gé ìran òjò kúrò: kò sówó omi.
Òṣèré gbàgbé ọ̀rọ̀, ó fi tara rẹ̀ dí i,
òun ni gbogbo Pákátà ń sọ kiri.
Ṣuwébù rẹ́rìn-ín. "Ó dùn ju tèmi lọ."

Kò fowó eré kọ́lé.
Ó fi ra tẹlifíṣàn fún ìyá rẹ̀ l'Ọ́fà.

Ìyá ò mọ̀wé,
ṣùgbọ́n ó mojú orúkọ ọmọ rẹ̀:
ejò tó ká kò, tó yé ẹyin kan sábẹ́.
Lálẹ́ Ọjọ́bọ̀, bí eré bá parí,
táwọn ará ilé ń ká ẹní,
á sún mọ́ gíláàsì: "Ẹ dúró ná."

Orúkọ òṣèré kọjá.
Orúkọ ẹni tó rán aṣọ.
Orúkọ awakọ̀.
Ejò yọrí—

iná lọ.

Ó ṣì ń wo gíláàsì dúdú.
"Mo rí ẹyin rẹ̀," ló wí.