Àlẹ̀mọ́ Abíyá

Kí n tó mọ orúkọ tó ń jẹ́ nísinsìnyí,
mo ti mọ abíyá rẹ̀.
Ẹ má fi mí rẹ́rìn-ín. Aránṣọ ni mí;
èjìká oníbàárà là ń wò kí a tó wo ojú rẹ̀.

Ní Limerick, lọ́dún tí yìnyín pa ọ̀dùnkún sínú ilẹ̀,
ọmọ olùtọ́jú ẹṣin kan gbé kóòtù pupa wọ ṣọ́ọ̀bù mi,
kóòtù ológun, bọ́tìnnì mẹ́jọ, méjì ti já bọ́.
Ó ní bàbá àgbà òun ló fi sílẹ̀ fún òun.
Mo mọ ọ̀gágun tó kú sílé ọtí lọ́sẹ̀ tó ṣáájú,
mo sì mọ̀ pé ìhòòhò ni wọ́n sin ín.
N kò bi í léèrè. Òwú pupa ti tán,
òwú àwọ̀ ewé ni mo fi lẹ abíyá kóòtù náà.
Mo ní, "Ulick, má gbápá sókè níwájú ẹni tó lójú."
Ṣílè méjì. Ó ní òun á san án lọ́jọ́ ọjà.
Ọjọ́ ọjà wo? Títí dòní, ọjà ń kún, ọjà ń tú.

Ọdún mẹ́sàn-án kọjá. Ní Bath,
níbi tí àwọn olówó ti ń mu omi gbígbóná tó ń rùn bí ẹyin òbu
tí wọ́n sì ń pè é ní ìwòsàn,
mo gbé aṣọ lọ fún opó kan, Ìyáàfin Tryphena Gaskarth,
ẹni tí ọkọ rẹ̀ fi ilé mẹ́ta àti ikọ́ sílẹ̀ fún.
Ibẹ̀ ni mo bá Kọ́nẹ́ẹ̀lì de Vane.
Ẹ wo ìrìn! Ẹ wo bó ṣe ń fẹnu kan ọwọ́ obìnrin
bí ẹni ń tọ́ ọbẹ̀ wò!
Ó ní lójú ogun ní Ọ́síríà, ẹṣin mẹ́ta ló kú lábẹ́ òun.
Ẹyọ kan ni mo mọ̀ tó kú lábẹ́ Ulick Devane;
ẹṣin bàbá rẹ̀ ni, ebi ló sì pa á.
Ó gbé gíláàsì sókè láti kí opó náà,
apá tẹ̀ lé gíláàsì,
àwọ̀ ewé yọjú lábẹ́ pupa bí ọmọ àkèré.

Mo rí i.
Ó rí i pé mo rí i.
Gíláàsì dúró díẹ̀ lójú òfuurufú.

Ẹ̀yin ń retí kí n pariwo. Àwọn àgbà ṣáà ní
aṣọ àyálò kì í báni mu: bí kò bá fúnni lápá, á fúnni lọ́rùn.
Ṣùgbọ́n ta ni kó pariwo? Nínú ilé yẹn,
Màdáàmù Delorme ni wọ́n ń pè mí, aránṣọ láti Paris.
N kò dé Paris rí. Ọkọ̀ ẹja ló gbé mi dé Bristol.
Gbólóhùn mẹ́fà péré ni mo gbọ́ nínú èdè Faransé,
èébú sì ni méjì nínú wọn.
Síle Considine, orúkọ tí ìyá mi sọ mí,
mo ti ká a sí ìsàlẹ̀ àpótí, kòkòrò ń jẹ ẹ́.

Ó tẹrí ba fún mi.
"Màdáàmù, àárò yín ń sọ Paris."
Mo ní, "Àárò yín ń sọ ogun, Kọ́nẹ́ẹ̀lì."
Opó pàtẹ́wọ́: ẹ wo ọmọlúàbí!

Abẹ́rẹ́ kò tíì lọ tí ọ̀nà okùn fi dí.
Tẹ́tẹ́ káàdì ló kó bá a,
ogójì pọ́n-ún tí kò sí níbì kankan láyé.
Kóòtù ló gbé e wọlé olówó,
kóòtù náà ló gbé e sẹ́wọ̀n.

Wọ́n lu ẹrù rẹ̀ ní gbàǹjo lẹ́yìn ilé ọtí.
Wíìgì lọ. Àkọ̀ lọ, kò sí idà nínú rẹ̀.
Nígbà tó kan kóòtù pupa, mo pè é ní ṣílè mẹ́rin.
Mo tan àbẹ́là, mo fẹ́ tú òwú ewé yẹn
kí n fi pupa rọ́pò rẹ̀,
ni nǹkan líle bá kan ìka mi nínú àlẹ̀mọ́.
Ṣílè méjì. Ó ti fọwọ́ ara rẹ̀ rán an mọ́bẹ̀,
ìránkúrànán, bí ìtàkùn.

Mo jókòó tì í fún ìgbà díẹ̀.
Lẹ́yìn náà mo feyín tẹ̀ ẹ́. Òjé ni.

Lọ́jọ́ kejì mo fi ra búrẹ́dì.
Oníbúrẹ́dì fi èdè Faransé dúpẹ́ lọ́wọ́ mi.