Ìgò Keje

Kì í ṣe gbogbo ìmọ́lẹ̀ ló ṣeé kó sínú ìgò.
Ohun tí Wúlẹ̀mọ́tù kọ́kọ́ sọ fún mi nìyẹn
létí ọ̀sà ní Ẹ̀pẹ́,
lọ́jọ́ tí mo dé pẹ̀lú agolo mílíìkì òfìfo,
tí mo rò pé oòrùn dà bí omi ẹ̀rọ.

Ó rẹ́rìn-ín. Ó ní, "Sọ agolo yẹn nù.
Páànù máa ń mu ìmọ́lẹ̀ bí ọ̀mùtí.
Ìgò là ń lò, ìgò tí a fi omi ọ̀sà fọ̀ lẹ́ẹ̀mẹ́ta,
tí a fi ìpẹ́ ẹja dí lẹ́nu.
Ìpẹ́ epìyà ni o.
Ti kúta le jù: ìmọ́lẹ̀ á bínú, ìgò á fọ́."

Ti àfẹ̀mọ́júmọ́ rọ̀, ó mọ egungun tò.
Ìwọ̀n ṣíbí kan lórí ẹsẹ̀ ọlọ́kọ̀ tó kán,
kí Àsárì tó pè, ó ti ń tukọ̀.
Ti ọ̀sán gangan, má fọwọ́ kàn án, abẹ ni.
Òun la fi la ẹ́ńjìnnì Múfútáù sí méjì
lọ́jọ́ tó ní owó wa ti pọ̀ jù.
Ti ìrọ̀lẹ́ ń kọ́?
Ó kọjú sí omi.
Ó ní kí n lọ fọ àwọ̀n.

Ọdún méjì ni mo fi fọ àwọ̀n.
Àwọ̀n wa kì í pẹja. Òwú funfun kan, òwú dúdú kan,
nítorí ìmọ́lẹ̀ kì í dúró
níbi tí kò bá ti rí òkùnkùn fẹ̀yìn tì.
A ó nà án láàárín òpó méjì,
oòrùn á bọ́ lu omi, omi á ta á padà,
èyí tí omi ta padà yẹn la ń mú.
Èyí tó ń bọ̀ tààrà láti òkè,
ti Ọlọ́run ni, a kì í dè é lọ́nà.

Ìgò méje ló wà lórí pẹpẹ.
Mẹ́fà ń lọ, mẹ́fà ń bọ̀:
ọ̀kan ní yàrá ìgbẹ̀bí,
ọ̀kan ń mú omi dì fún àwọn ẹlẹ́ja Olúwo.
(Ẹ má bi mí bí ìmọ́lẹ̀ ṣe ń di yìnyín.
Mo bi í, ó ní kí n lọ ka irun orí mi.)
Ìkeje kì í kúrò níbẹ̀.
Àwọ̀ rẹ̀ dà bí epo tó dì lọ́yẹ́.

Ìgbà ọyẹ́ náà ni. Kùrukùru bo ọ̀sà,
ọkọ̀ tó ń bọ̀ láti Ẹ̀jìnrìn kò rí èbúté.
A ń gbọ́ igbe wọn, a ò mọ ibi tó ti ń wá.
Wúlẹ̀mọ́tù wà lọ́dọ̀ aláboyún kan ní òkè ìlú.
Ìgò mẹ́fà ti gbẹ.

Mo yọ ìpẹ́ lẹ́nu ìkeje.

N kò rí iná. Ọmọkùnrin kan ló jáde,
bí ọmọ ọdún mọ́kànlá, nínú kakí iléèwé,
sálúbàtà ẹsẹ̀ kan lọ́wọ́ rẹ̀.
Ó dúró lórí omi bí ẹni dúró ní ọ̀dẹ̀dẹ̀,
ara rẹ̀ ń tàn bí ẹ̀yinná.
Ó ní, "Ìyá mi, mo ti ń bọ̀."
Ó wá ń rìn bọ̀ wá sí èbúté, kò kánjú,
ọkọ̀ ń tẹ̀ lé e.
Bí imú ọkọ̀ ṣe kan iyanrìn,
n kò rí i mọ́.

Ẹ̀yìn mi ni Wúlẹ̀mọ́tù wà. N kò mọ ìgbà tó dé.
Kò nà mí. Ó ń ka àwọn èrò bí wọ́n ṣe ń bọ́lẹ̀,
ó ka ọmọ tó wà lẹ́yìn ìyá rẹ̀ pẹ̀lú:
mọ́kàndínlógún.
Ó tún un kà.

Lẹ́yìn náà ló gba ìgò lọ́wọ́ mi,
ó gbóòórùn ẹnu rẹ̀,
ó fi etí ìró rẹ̀ nù ún.
"Ti ìrọ̀lẹ́," ó ní,
"ẹni tó bá kàn kẹ́yìn ló máa ń pa mọ́.
Gàníyù lorúkọ rẹ̀.
Lọ fọ̀ ọ́ wá. Ẹ̀ẹ̀mẹta."

Mo lọ.
Ìpẹ́ epìyà ṣì lẹ̀ mọ́ àtẹ́lẹwọ́ mi,
ó gbóná bí iwájú orí ọmọ tí ibà ń ṣe.