Kọ́kọ́rọ́ Mọ́kànlá

Kọ́kọ́rọ́ mọ́kànlá ló wà lára ìṣó,
ọ̀kan ṣoṣo ló jẹ́ tèmi.
Ti dókítà, tó kọ́ pẹ̀tẹ́ẹ̀sì tí kò sùn nínú rẹ̀ rí,
ti ìyá Fadéyì, tí wọ́n gbé lọ s'Ékòó nígbà tí ẹsẹ̀ rẹ̀ wú.
Lọ́jọ́ Àbámẹ́ta mo máa ń ṣí wọn,
kí atẹ́gùn òkè Ẹ̀fọ̀n wọlé,
kí àdán má baà sọ ara rẹ̀ di onílé.

Mojírayọ̀ ọmọ mi ń kọ́ nípa ìlú títò l'Ósákà.
Yàrá rẹ̀ kò ju ibi tí ewúrẹ́ lè yí sí.
Ó ní ọkọ̀ ojú irin fi ìṣẹ́jú kan pẹ́,
wọ́n tọrọ àforíjì lọ́wọ́ gbogbo èrò.
Mo rẹ́rìn-ín.
Ọ̀nà wa tí wọ́n ti ń wọ̀n kí n tó bí i,
ta ló tọrọ àforíjì lọ́wọ́ mi?

Àmọ́ lánàá, ohùn rẹ̀ rẹlẹ̀.
Wọ́n kúrò ní ìgboro, wákàtí méjì,
wọ́n dé abúlé kan láàárín òkè,
ìkùukùu bíi tiwa,
ilé rẹpẹtẹ, kò sẹ́ni tó ń dáná.
Bàbá kan jáde, kọ́kọ́rọ́ ń dún nídìí ìgbànú rẹ̀.
"Bàbá mi, ẹ̀yin ni mo rí."

N ò gbọ́ èdè Jàpáànù.
Mo ní bó bá padà débẹ̀, kó kí i,
kó bi í: irú epo wo
ló ń fi sí àgbékọ́ ilẹ̀kùn
tí kì í fi í ké?