Èémí Tó Ṣáájú Ọ̀rọ̀

Èmi ni mo máa ń tẹ bọ́tìnì.
Ọdún mọ́kànlélógún ni mo fi jókòó sẹ́yìn dígí
ní yàrá kan lókè ṣọ́ọ̀bù onífọ́tò ní Òkè-Àdó,
tí a fi páálí ẹyin àti fóòmù àlòkù bo ògiri rẹ̀
kí ariwo títì má baà wọlé.
Fẹ̀hìntọlá Akínyóóyè wà lódìkejì,
obìnrin kúkúrú, gíláàsì lójú,
tó máa ń bọ́ bàtà kó tó lanu
nítorí, ó ní, ewúrẹ́ kì í wọ bàtà.

Bẹ́ẹ̀ ni. Ewúrẹ́ ni lọ́jọ́ náà.
Lọ́jọ́ Ẹtì ó di ẹ̀fọn
tó ń bẹ baálé ilé pé kó jọ̀ọ́ má ta nẹ́ẹ̀tì.
Lọ́jọ́ Ajé, ó di ìkókó tí eyín ń hù lẹ́nu rẹ̀,
ó di ìyá ìkókó, ó di ìyá ọkọ,
gbogbo wọn ń jà lẹ́nu kan ṣoṣo,
mo sì ń wo dígí, mò ń ka èèyàn,
n kò rí ju ẹyọ kan lọ.

Ẹ̀yin mọ̀ ọ́n lórí tẹlifíṣọ̀n:
Ìyá Onílé, tó so kọ́kọ́rọ́ mọ́kànlá mọ́ ìdí,
tí ìkankan nínú wọn kò sì ṣí ilẹ̀kùn.
Ọdún mẹ́sàn-án ní Agodi, gbogbo alẹ́ Ọjọ́rú.
Owó tí wọ́n ń san fún un,
ẹ má jẹ̀ẹ́ ká sọ ọ́.
Ẹsẹ̀ ló fi ń rìn dé Mọ́kọ́lá lẹ́yìn iṣẹ́,
àwọn ọmọdé á tò tẹ̀ lé e:
"Ìyá Onílé! Owó ilé dà?"
Onílé tirẹ̀ gan-an, ní Yemẹtu, ń béèrè bákan náà.
Ìyẹn kì í rẹ́rìn-ín.

Ẹ̀rín rẹ̀ ni mo fẹ́ sọ.
Ó ń bẹ̀rẹ̀ nímú,
á dúró díẹ̀ lọ́fun bí ẹni tó gbàgbé nǹkan,
á wá já sínú ikùn, gbì!
Lọ́jọ́ tí ìyá rẹ̀ kú ní Ìdí-Ìkán, ó wá síbi iṣẹ́.
Ìpolówó ọṣẹ ìfọyín ni. Ẹ̀rín ni wọ́n fẹ́.
Ó jẹ orógbó, ó bọ́ bàtà, ó rẹ́rìn-ín lẹ́ẹ̀mẹrin.
Òjò orí páànù ba ẹ̀ẹ̀kẹta jẹ́.
Ẹ̀ẹ̀kẹrin ni wọ́n gbé sáfẹ́fẹ́,
ìlú sì fi fọ eyín fún ọdún méjì.
Kò sẹ́ni tó mọ ohun tó ń fi sẹ́nu.

Èmi mọ̀. Iṣẹ́ mi ni kí n gé èémí kúrò,
èémí kékeré tó ń ṣáájú ọ̀rọ̀,
kí ohùn lè mọ́. Mo gé e.
Ṣùgbọ́n n kò dà á nù. Ó wà nínú téèpù kan
tí mo kọ "ìdọ̀tí" sí lẹ́yìn:
ogójì ìṣẹ́jú tí obìnrin kan fi ń múra àtisọ̀rọ̀.

Nígbà tí wọ́n yọ kókó lọ́fun rẹ̀ ní UCH,
dókítà ní ohùn lè padà, ó sì lè má padà.
Ó gba bírò lọ́wọ́ mi, ó kọ ọ́ sẹ́yìn káàdì:
"Ẹ sọ fún ewúrẹ́ kó má dúró dè mí."

Lánàá ó wá kí wa.
Ìbídùn, ọmọ ọmọ mi, ń wo katúùnù
níbi tí ọ̀kẹ́rẹ́ kan ti ń bá ọlọ́kadà yọwó.
Mo mọ ọ̀kẹ́rẹ́ yẹn. Ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn ni,
jẹnẹrétọ̀ aládùúgbò kò jẹ́ ká sinmi.
Fẹ̀hìntọlá jókòó sẹ́yìn ọmọ,
bàtà ti kúrò lẹ́sẹ̀ rẹ̀,
ètè rẹ̀ ń lọ, kò sí ohùn,
kò fo ọ̀rọ̀ kan,
ó tilẹ̀ ń ṣáájú ọ̀kẹ́rẹ́ díẹ̀.

Ìbídùn rẹ́rìn-ín, ó yíjú padà, ó rí ètè yẹn.
Ó wo tẹlifíṣọ̀n. Ó tún wo ètè.
Ó ní, "Ìyá, ta ló sọ ohun tó fẹ́ sọ fún yín?"

Fẹ̀hìntọlá mí sínú.
Mo nawọ́ síbi tí kò sí bọ́tìnì.