Ọ̀rọ̀ Kan Tí Mo Túmọ̀

Mo dé Oǹdó lọ́jọ́ Ẹtì, oòrùn ṣì wà lókè,
àpò kan péré lọ́wọ́ mi,
àti káàdì ọrùn tó ní ògbufọ̀ ni mí.
Ẹ̀gbọ́n mi Ọmọlérè ń sá kòkó lójúde wa l'Óke-Àgùnlá.
Kò bi mí bí ọ̀nà ti rí.
"Ọkùnrin tí wọ́n dìbò fún yẹn,
ṣé ẹ rí i?"

Mo ní a rí bàtà rẹ̀.
Bàtà dúdú, ẹsẹ̀ méjèèjì, lẹ́nu ilẹ̀kùn kan
tí sójà méjì jókòó tì, tí wọ́n ń bó ẹ̀pà jẹ.

Ọjọ́ mẹ́ta la fi jókòó nínú yàrá tó tutù bí ilé òkú,
aṣojú orílẹ̀-èdè méje,
omi oníke níwájú oníkálùkù.
Wọ́n ní, "Ọ̀rọ̀ yìí kọ wá lóminú."
Mo túmọ̀ rẹ̀.
Wọ́n ní, "Ó kọ wá lóminú gidigidi."
Mo fi gidigidi kún un.
Lọ́jọ́ kẹta ó kù díẹ̀ kí wọ́n ní àwọn dá a lẹ́bi.
Ẹnìkan wúkọ́,
wọ́n padà sórí ìkọminú.

Ọ̀gágun náà kò tíì pé ogójì ọdún,
èékánná rẹ̀ mọ́ tónítóní.
Ó rẹ́rìn-ín sí wa, ó ní,
"Àlejò wa ni Ààrẹ. Ara rẹ̀ le. Ó ń jẹun."

Àlejò.
Ẹlẹ́wọ̀n há mi lọ́fun bí egungun ẹja.
Ṣùgbọ́n ògbufọ̀ kì í ní ẹnu tirẹ̀ lẹ́nu iṣẹ́,
ẹnu ẹlẹ́nu ni wọ́n háyà mi láti sọ.
Mo ní: àlejò.
Bírò méje kọ ọ́ sílẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà.
Ó wọnú ìwé àdéhùn.
Wọ́n bọwọ́, wọ́n ya fọ́tò.

Ọmọlérè ń fi ẹsẹ̀ yí kòkó.
Ó pẹ́ kó tó sọ̀rọ̀.
"Nílé bàbá wa, àlejò ló ń dìde fúnra rẹ̀
pé ó tó gẹ́ẹ́, òun ń lọ.
Àwa là ń bẹ̀ ẹ́ pé kó sùn di ọ̀la."
Ó bẹ̀rẹ̀, ó ṣa òkúta kan kúrò nínú kòkó, ó jù ú nù.
"Ta ló bẹ èyí?"

Mi ò dáhùn.
Òjò ti ṣú níhà Òkè-Ìgbò,
a sáré kó kòkó wọlé, tọwọ́ tẹsẹ̀,
ìdajì rẹ̀ ti tutù ká tó ṣe tán.
Lẹ́nu ilẹ̀kùn mo bọ́ bàtà mi.
Mo wò ó níbi tó wà.
Mo gbé e wọlé.