Èkù Ọ̀bẹ

Ní Kánò, lọ́dún tí ọyẹ́ kọ̀ tí kò tètè lọ,
mo gbé máíkì sórí ọ̀pá gígùn kan
fún òyìnbó obìnrin ará Faransé, Solẹ́ẹ̀nì Gàrígì.
Ẹgbẹ̀rún mẹ́ta náírà lóòjọ́, oúnjẹ lọ́tọ̀.
Ọmọ Sábọ̀n Gàrí ni mí, mo gbọ́ Haúsá, mo gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì,
Faransé nìkan ni n kò gbọ́,
Faransé náà ló sì fi ń ronú.

Iṣẹ́ rẹ̀ kò ju ọ̀kan lọ:
ó ń ya fíìmù àwọn tó ń ya fíìmù.
Ọkùnrin kan ní Dàkáà, tí ojú rẹ̀ ti fọ́ tán,
tó ń fi etí gé fíìmù rẹ̀.
Arúgbó kan létí òkun ilẹ̀ Pọtogí
tí kò ya nǹkan kan mọ́ àfi ewúrẹ́ aládùúgbò.
Obìnrin kan ní Tùnísì tó sin iṣẹ́ rẹ̀ sábẹ́ igi ólífì
lálẹ́ ọjọ́ tí ọlọ́pàá ń bọ̀.
Mẹ́tàdínlógún ni wọ́n. Mo ka orúkọ wọn lára àpótí irinṣẹ́ rẹ̀,
ó fi lẹ́ẹ̀dì tò wọ́n, bí ẹni tó ń kọ gbèsè.

Ẹni kejìdínlógún ni Málàm Sàbíù Gẹ́sáwà
ní Sóò Róòdù, lókè ṣọ́ọ̀bù àwọn tó ń tún fóònù ṣe.
Ó ti darí ogójì fíìmù,
mẹ́rin nínú wọn kò jáde kúrò nínú dúrọ́ọ̀ rí.
Ọjọ́ mẹ́fà la fi jókòó tì í. Níkẹyìn
ó bi í ní ìbéèrè tó máa ń bi gbogbo wọn:
"Kí lo gé dànù tó ṣì ń dùn ọ́?"

Málàm dákẹ́. Jẹnẹrétọ̀ ń kùn nísàlẹ̀.
Ó ní, "Ìyá mi.
Ó gba iwájú kámẹ́rà kọjá, ó ń wá bàtà rẹ̀.
Mo gé e, torí ó ba ìran náà jẹ́.
Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta lẹ́yìn náà la sin ín."
Mo la ẹnu kí n túmọ̀ rẹ̀,
Solẹ́ẹ̀nì na ọwọ́ sí mi: dúró ná.
Ó ti gbọ́ kí n tó sọ.

Bí a ṣe ń ká wáyà ni Málàm yí àga padà,
"Ó yá, ìwọ náà jókòó. Ta ló ya tìẹ?"
Ó rẹ́rìn-ín. Ó ní bátìrì ti kú.
Bátìrì kò kú.
Èmi ni mo fi í sí iná mọ́jú.

Lóṣù tó kọjá, lẹ́tà dé láti Náǹtì.
Ọmọ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ló kọ ọ́: wọ́n fẹ́ ṣe ìrántí,
wọ́n ń wá àwòrán rẹ̀ lẹ́nu iṣẹ́.
Wọ́n ti wo fíìmù méjìdínlógún láti orí dé ìdí,
kò sí ojú rẹ̀ níbì kankan,
àfi òjìji èjìká kan lára ògiri pupa.
Mo mọ ògiri yẹn.

Wọ́n ní ọ̀bẹ kì í mú títí kó gbẹ́ èkù ara rẹ̀.
A máa ń sọ ọ́ bí ẹni ń fi ọ̀bẹ ṣe yẹ̀yẹ́.
Ẹni tó di èkù náà mú ńkọ́,
tó mọ bó ṣe ń gbóná tó lọ́wọ́?

N kò ní àwòrán. Etí ni iṣẹ́ tèmi.
Ṣùgbọ́n ó máa ń pàṣẹ, kí a tó kúrò ní yàrá kankan,
kí gbogbo èèyàn pa ẹnu mọ́, kí n gba ohùn yàrá nìkan
fún ìṣẹ́jú kan.
Ìṣẹ́jú Sóò Róòdù yẹn wà lọ́wọ́ mi títí dòní.
Fáànù wà níbẹ̀. Ọlọ́kadà kan fọn fèrè rẹ̀ lókèèrè.
Ó mí kanlẹ̀, ó sì sọ ọ̀rọ̀ Faransé kan, wẹ́lẹ́wẹ́lẹ́,
tí n kò tíì bi ẹnikẹ́ni ní ìtumọ̀ rẹ̀.

Mo ti fi ránṣẹ́. N kò gé nǹkan kan kúrò.
Ikọ́ tèmi náà wà níbẹ̀.
Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi í sílẹ̀.