Irọ́ Mẹ́ta fún Òótọ́ Kan

Wọ́n ti mú iná lọ ní Ìtòkò.
Fóònù mi nìkan ló mọ́lẹ̀, bátìrì rẹ̀ ò sì ju díẹ̀ lọ.
Ìbéèrè kò le, ìdáhùn kò le.
Irọ́ ló ń lá mi lóògùn:
mẹ́ta fún ìbéèrè kan, kí wọ́n sì jọ òótọ́.

Odò wo ló gba abẹ́ afárá Láfẹ́ńwá kọjá?
Mo tẹ Ògùn. Mo tẹ Ọ̀yán, Yewa, Ọ̀ṣun,
odò tí kò ṣẹ̀ mí,
mo sọ gbogbo wọn di ẹlẹ́rìí èké.
Kí ìyá mi má gbọ́ o:
irọ́ kan ṣoṣo ló torí ẹ̀ nà mí rí.

Ọjọ́ Ẹtì. Fóònù mẹ́fà, ọmọ mọ́kànlélógójì.
Fèrèsé tó kọjú sí àpáta nìkan ni nẹ́tíwọ́ọ̀kì ti ń wọlé,
ni gbogbo wọn bá ṣù síbẹ̀.
Ogún ìṣẹ́jú àáyá. Tẹ̀ ẹ́! Tẹ̀ ẹ́!
Orúkọ ń gun orí ara wọn.
Abíọ́nà akólòlò, tí kì í nawọ́ sókè,
ló wà lókè téńté.
Ìka kì í kólòlò.

Ìbéèrè kẹsàn-án: mẹ́sàn-án lọ́nà mẹ́jọ.
Ojú fóònù rẹ̀ pọ́n wẹ̀ẹ̀: o kùnà.
Ó dìde.
"Tí… tíṣà, mé… mé…"
Ogún ìṣẹ́jú àáyá kọjá. Ogún mìíràn.
Ẹnikẹ́ni ò rẹ́rìn-ín.
"Mé… méjìléláàádọ́rin ni."

Mo wo èyí tí mo fọwọ́ ara mi yàn lóru:
mẹ́tàlélọ́gọ́ta.
Irọ́ kẹrin nìyẹn,
n ò mọ ìgbà tí mo pa á.